Kaala: Fíìmù Ìjà Tí Àdúgbò Fúnra Rẹ̀ Ti Di Akọni

Ẹni tó bá ti wo fíìmù Támílì bíi márùn-ún á ti mọ bí wọ́n ṣe máa ń mú akọni wọlé. Ẹsẹ̀ la ó kọ́kọ́ rí. Bàtà á kan ilẹ̀, eruku á sọ lálá, ìlù á bú sẹ́kún, àwọn jàǹdùkú á máa wojú ara wọn, kí ojú ọ̀gbẹ́ni náà tó yọ. Bí akọni ọ̀hún bá wá jẹ́ Rajinikanth, ariwo kì í jẹ́ kí wọ́n gbọ́ ọ̀rọ̀ nínú ilé sinimá. Ní Chennai, olú ìlú àwọn Támílì ní gúúsù Íńdíà, àwọn olólùfẹ́ rẹ̀ a máa da wàrà sórí àwòrán gàgàrà rẹ̀ tí wọ́n gbé síta.

Nínú Kaala, fíìmù tó ń jẹ́ orúkọ akọni tí Rajinikanth ṣe nínú rẹ̀, ibi tí àwọn ọmọdé ti ń gbá kíríkẹ́ẹ̀tì láàárín àdúgbò la ti kọ́kọ́ rí i. Ó di pátákó mú, ó dúró bí ẹni tó mọ̀ ọ́n gbá. Ọmọ kan ju bọ́ọ̀lù, bọ́ọ̀lù bọ́ mọ́ ọn lọ́wọ́, ó sì wó igi tó wà lẹ́yìn rẹ̀. Ó ti jáde nìyẹn. Ẹni ọdún 67 ni Rajinikanth nígbà tí fíìmù yìí jáde. Òun sì ni òṣèré tí orúkọ rẹ̀ tóbi jù ní gbogbo gúúsù Íńdíà, síbẹ̀ ọmọ kékeré ló kọ́kọ́ borí rẹ̀. Ẹ má fojú kéré ìran yẹn, torí pé ibẹ̀ ni olùdarí ti sọ ohun tó fẹ́ fi wákàtí méjì ààbọ̀ tó kù ṣe: ọkùnrin yìí kò ga ju àdúgbò rẹ̀ lọ.

Pa. Ranjith ló darí rẹ̀. Iléeṣẹ́ Wunderbar Films, ti òṣèré Dhanush, ló gbé e jáde ní ọjọ́ 7 oṣù Kẹfà ọdún 2018, Santhosh Narayanan ló sì ṣe orin rẹ̀. Ó gùn tó wákàtí 2 àti nǹkan bí ìṣẹ́jú 40. Ọ̀pọ̀ wa tó ń gbé Àbújá, Kàdúná tàbí Kánò la máa ń rò pé ọ̀kan náà ni gbogbo fíìmù Íńdíà, torí pé èyí tí wọ́n fi Hausa túmọ̀ ló kún ọjà. Hindi ni èyí tó pọ̀ jù nínú wọn. Èdè gúúsù ni Támílì, ìdílé èdè ọ̀tọ̀ ló sì ti wá, bí Yorùbá àti Hausa kò ṣe bára wọn tan. Chennai ni wọ́n ti ń ṣe fíìmù tiwọn, ara orúkọ àdúgbò Kodambakkam níbẹ̀ ni wọ́n ti yọ Kollywood. Ìyàtọ̀ yìí ṣe pàtàkì nínú Kaala, torí pé àwọn Támílì tó wá ń gbé ní Mumbai, ìlú tí èdè rẹ̀ kì í ṣe tiwọn, ni ìtàn náà dá lé.

Ilẹ̀ ni ìjà náà. Kí eré tó bẹ̀rẹ̀ rárá, wọ́n fi àwòrán yíyà sọ ìtàn kúkúrú: bí ènìyàn ṣe tẹ̀dó, bó ṣe ṣán igbó, àti bí alágbára ṣe wá sọ pé òun ló ni ín. Lẹ́yìn náà la bọ́ sí Dharavi, àdúgbò àwọn tálákà ní Mumbai. Ibẹ̀ wà lóòótọ́. Kò tó hẹ́kítà 250, àwọn tó ń gbé inú rẹ̀ ni wọ́n sì máa ń fojú bù sí bíi mílíọ̀nù kan. Wọ́n ń fi awọ ṣe nǹkan níbẹ̀, wọ́n ń mọ ìkòkò, wọ́n ń ṣa ike àti irin àlòkù tún tà. Irà ni ibẹ̀ tẹ́lẹ̀. Àwọn tó ń gbé ibẹ̀ ló fi ìdọ̀tí àti iyẹ̀pẹ̀ kún un títí ó fi di ilẹ̀ tó ṣeé kọ́lé lé. Nígbà tí Mumbai wá fẹ̀ yí i ká, ilẹ̀ tí ẹnikẹ́ni kò kà sí di wúrà. Ìbéèrè tí fíìmù náà ń bi olùwòran ni pé: ta ló ni ilẹ̀, ṣé ẹni tó kún irà ni tàbí ẹni tó mú ìwé dé?

Ní ibi tí àwọn alágbàfọ̀ ti ń fọṣọ ni katapílà kọ́kọ́ dé. Ọmọ Kaala kan tó ń jẹ́ Lenin, pẹ̀lú ọ̀rẹ́bìnrin rẹ̀ Puyal, ló kó àwọn ènìyàn jọ láti dí i lọ́nà. Ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ: Kaala ló sọ ọ́ ní Lenin, orúkọ ẹni tó ṣíwájú ìyípadà àwọn òṣìṣẹ́ ní Rọ́ṣíà, ṣùgbọ́n ìwé ẹ̀bẹ̀ àti ìpàdé ni ọmọ gbà pé yóò tún ìlú ṣe, nígbà tí bàbá gbà pé kò sí ohun tó ń dá katapílà dúró ju kí ènìyàn wà níbẹ̀ lọ. Èyí dùn mọ́ wa nínú púpọ̀, torí pé fíìmù náà kò sọ ọ̀kankan nínú àwọn méjèèjì di òmùgọ̀. Zareena, tí Kaala ti fẹ́ràn nígbà èwe, padà dé láti òkè òkun pẹ̀lú ètò láti tún Dharavi kọ́, Lenin sì gbá tẹ̀ lé e. Ètò náà dára lórí tábìlì. Ìgbà tí wọ́n ka ìwé rẹ̀ dáadáa ni wọ́n rí i pé ibi tóóró ni wọ́n fi sílẹ̀ fún onílé, àwọn olówó ló máa gba ìyókù. Lẹ́yìn gbogbo rẹ̀ ni Hari Dhadha wà, olóṣèlú aláṣọ funfun tí Nana Patekar ṣe, ẹni tó ń polongo pé òun fẹ́ kí Mumbai mọ́ tónítóní.

Ẹni tó bá ń gbé Mpape, Lugbe, Nyanya tàbí ẹ̀gbẹ́ Mararaba kò nílò kí ẹnikẹ́ni ṣàlàyé ìran katapílà yẹn fún òun. Ó mọ àmì X pupa lára ògiri. Láti ọdún 1976 tí òfin ti fi gbogbo ilẹ̀ Àbújá sábẹ́ ìjọba àpapọ̀ ni ọ̀rọ̀ ọmọ onílẹ̀ ti yàtọ̀ níbí sí bí a ṣe mọ̀ ọ́n nílé. Àwọn Gbagyi tó ni ilẹ̀ di ẹni tí wọ́n ń ṣí kiri, kódà ara àwọn tí wọ́n ṣí kúrò nígbà tí wọ́n ń kọ́ àárín ìlú ni wọ́n kó lọ sí Kubwa. Ẹni tó sì fowó ra púlọ́ọ̀tì lè di ìwé mú kí wọ́n ṣì sọ fún un pé ìwé náà kò tó. A kò sọ pé Dharavi àti Mpape jẹ́ ọ̀kan náà. Ọ̀rọ̀ ìran tí a bí ènìyàn sí (ohun tí Gẹ̀ẹ́sì ń pè ní caste), tó jẹ́ egungun Kaala, kò sí nínú tiwa bó ṣe wà nínú tiwọn. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tí Hari ń lò, "ìmọ́tótó", "ìlú tuntun", "ìdàgbàsókè", etí wa ti gbọ́ ọ rí.

Ẹ jẹ́ ká wá sórí ọ̀rọ̀ akọni, torí ibẹ̀ ni iṣẹ́ wà. A máa ń sọ pé ákítọ̀ kì í kú. Nínú fíìmù Támílì tó wọ́pọ̀, ákítọ̀ ló ń rò, òun ló ń jà, òun ló ń sọ̀rọ̀ gígùn lópin, àwọn ará ìlú á kàn máa pàtẹ́wọ́. Pa. Ranjith kò pa àṣà yẹn run lójijì, torí pé ẹni tó sanwó wá wo Rajinikanth gbọ́dọ̀ rí Rajinikanth. Ó ń gbà á lọ́wọ́ akọni díẹ̀díẹ̀ ni.

Ìjà orí afárá ni wọ́n fi tẹ́ àwọn olólùfẹ́ lọ́rùn. Alẹ́ ni, òjò ń rọ̀, àwọn ọmọọṣẹ́ Hari sì ká Kaala mọ́. Agbòjò ló fi jà. Ìran yìí dára nítorí pé kò yára ju ọjọ́ orí ọkùnrin náà lọ: kò fò, kò gun ògiri; ó ń yí agbòjò náà, ó ń fi orí rẹ̀ gún, ó ń ṣí i kí wọ́n má baà rí ọwọ́ rẹ̀. Murali G ló ya àwòrán fíìmù náà, ó sì jẹ́ kí iná mọ́tò máa tàn láti ẹ̀yìn kí òjò lè hàn bí okùn. Bí ìjà lásán ni ẹ bá wá wò, ibí ni ẹ ó ti rí owó yín gbà.

Ní àgọ́ ọlọ́pàá, ohun ìjà ti kúrò lọ́wọ́ rẹ̀. Kaala ti mutí yó, ó jókòó, mínísítà kan wọlé pẹ̀lú gbogbo agbára rẹ̀, Kaala sì ń béèrè léraléra lọ́wọ́ ẹni tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ pé ta nìyí. Kò lu ẹnikẹ́ni. Kò bú ẹnikẹ́ni. Ó kàn kọ̀ láti mọ̀ ọ́n ni, ẹnu mínísítà sì wọhò. Ìbéèrè kan ṣoṣo yẹn, bó ṣe ń padà wá lẹ́ẹ̀mẹ́ta, lẹ́ẹ̀mẹ́rin, ju ẹ̀ṣẹ́ ogún lọ.

Lẹ́yìn náà ni ìran Puyal, tí Anjali Patil ṣe. Àwọn ọlọ́pàá ya lu àwọn tó ń fẹ̀hónú hàn, wọ́n mú ọmọbìnrin yìí, wọ́n bọ́ ṣòkòtò rẹ̀ láàárín ìgboro. Gbogbo fíìmù tí a ti ń wò láti kékeré ti kọ́ wa ní ohun tó yẹ kó tẹ̀ lé e: yóò máa sunkún, yóò wá aṣọ fi bora, ákítọ̀ yóò sì dé. Ṣòkòtò náà wà nílẹ̀, ọ̀pá wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ọ̀pá ló mú. Kò sí ọkùnrin kankan tó wá gbà á sílẹ̀. Bí a bá ní kí á yan ìran kan ṣoṣo tí fíìmù yìí fi yẹ ní wíwò, èyí ni.

Ibi tí akọni ti kúrò lọ́wọ́ ẹnì kan pátápátá ni ìyanṣẹ́lódì. Nígbà tí wọ́n ti pa Selvi ìyàwó Kaala àti Selvam ọmọ rẹ̀, ohun tí àṣà ń béèrè ni pé kí ó gbé idà lọ sílé Hari. Dípò bẹ́ẹ̀, Dharavi jókòó sílé. Awakọ̀ kò jáde, agbálẹ̀ kò jáde, ẹni tó ń dáná fún wọn àti ẹni tó ń fọ ilé wọn kò jáde, Mumbai sì dákẹ́. Ẹ fojú inú wo òwúrọ̀ ọjọ́ Ajé kan tí bọ́ọ̀sì Nyanya àti Mararaba bá dé Wuse láìsí ẹnikẹ́ni nínú, tí gáàdì, agbálẹ̀, mẹ́ruwa àti aláséjẹ kò sí níbi iṣẹ́. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ní í jẹ́ jànmọ́ọ̀n, fíìmù náà sì fi hàn bí jànmọ́ọ̀n ṣe ń jà láìgbé igi. Bí wọ́n ṣe ṣètò rẹ̀ ló mú un ṣeé gbàgbọ́: a rí ìpàdé, a rí àríyànjiyàn lórí ohun tí wọn yóò jẹ, a rí i pé ẹlòmíràn ń bẹ̀rù.

Kí ẹ tó wò ó, ẹ jẹ́ ká la àwọn àmì kan yé ara wa, nítorí pé ẹni tí kò bá mọ̀ wọ́n yóò rò pé ìjà bàbá méjì lásán ni. Ètò ìran ní Íńdíà ti pín ènìyàn sí òkè àti ìsàlẹ̀ láti inú oyún. Àwọn tó wà nísàlẹ̀ pátápátá, tí wọ́n ń pe ara wọn ní Dalit, ni wọ́n kà sí ẹni tí fífọwọ́kàn rẹ̀ ń sọni di aláìmọ́. Ìdí nìyẹn tí ọ̀rọ̀ ìmọ́tótó Hari fi ní oró. Nígbà tó wá sílé Kaala, wọ́n gbé omi fún un, kò mu ún. Yorùbá mọ ohun tí omi àlejò jẹ́, nítorí náà a ó mọ̀ pé nǹkan ṣẹlẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kó yé yín pé kì í ṣe ẹ̀rù májèlé ló ń bà á. Ọwọ́ tó gbé omi náà ni kò fẹ́.

Ọ̀rọ̀ ẹsẹ̀ náà tún lè ṣi Yorùbá lọ́nà. Hari fẹ́ kí àwọn ènìyàn máa tẹrí ba fọwọ́ kan ẹsẹ̀ òun, ẹni tó bá sì ti inú ilé tí wọ́n ti ń dọ̀bálẹ̀ wá lè rò pé ìwà ọmọlúàbí ló ń béèrè. Ìyàtọ̀ wà. Àgbà ni à ń dọ̀bálẹ̀ fún, ọmọ olówó náà á sì dọ̀bálẹ̀ fún ìyá aláta tó jù ú lọ. Ẹsẹ̀ Hari kò wo ọjọ́ orí. Kàkà bẹ́ẹ̀, ó ń sọ ẹni tí a bí sókè àti ẹni tí a bí sílẹ̀.

Ẹ wo nọ́ńbà ọkọ̀ jíìpù Kaala: BR ló wà nínú rẹ̀, pẹ̀lú 1956. B. R. Ambedkar, ọmọ Dalit tó ṣe alága ìgbìmọ̀ tó kọ ìwé òfin Íńdíà, ló yí padà sí ẹ̀sìn Búdà ní ọdún 1956 pẹ̀lú ẹgbàágbèje ènìyàn, ọdún yẹn náà ló sì kú. Ẹ wo orúkọ iléeṣẹ́ tó fẹ́ gba ilẹ̀: Manu. Manu ni wọ́n fi orúkọ rẹ̀ pe ìwé òfin àtijọ́ tó to àwọn ìran náà léra. Aṣọ funfun ni Hari ń wọ̀, ilé rẹ̀ funfun. Aṣọ dúdú ni Kaala ń wọ̀, orúkọ rẹ̀ gan-an túmọ̀ sí dúdú, ó sì sọ ọ́ síta pé àwọ̀ làálàá ni dúdú. Nínú Ràmáyánà, ìtàn àtijọ́ àwọn Híńdù, Ráámà ni olódodo, Rávánà olórí mẹ́wàá ni ọ̀tá. Olùdarí yí i po: ní òpin fíìmù, wọ́n ń ka ìtàn ikú Rávánà nílé Hari bí àwọn ọmọọṣẹ́ rẹ̀ ṣe ń dáná sun Dharavi, bí wọ́n bá sì ṣe ń gé orí kan nínú ìwé ni òmíràn ń hù ní àdúgbò. Ó gba ìgboyà láti fi irú ìran bẹ́ẹ̀ sínú fíìmù olówó ńlá.

Àléébù rẹ̀ kò kéré. Wákàtí àkọ́kọ́ fà jù. Orúkọ àwọn ènìyàn pọ̀, wọ́n sì ń yára kó wọn dé, débi pé ó ṣòro láti mọ ọmọ Kaala wo ni wo. Huma Qureshi ṣe Zareena dáadáa, ṣùgbọ́n ìfẹ́ àtijọ́ òun àti Kaala gba àyè tó yẹ kí ètò ilẹ̀ náà gbà. A fẹ́ gbọ́ ohun tó kọ́ lókè òkun ju ohun tó sọ nù lọ. Easwari Rao, tó ṣe Selvi, ló gba fíìmù náà mọ́ gbogbo wọn lọ́wọ́ pẹ̀lú ẹnu rẹ̀ tí kì í dákẹ́. Nígbà tó rí i pé ọkọ òun ń rántí Zareena, ó ní òun náà ní ẹni tó ń wo òun ní Tirunelveli, kí wọ́n ra tíkẹ́ẹ̀tì fún òun kí òun lọ bẹ̀ ẹ́ wò. Ìdí nìyẹn tí bí wọ́n ṣe pa á lójijì fi dà bí ohun tí wọ́n ṣe kí Kaala lè bínú, kì í ṣe nítorí ìtàn náà. Puyal pẹ̀lú: lẹ́yìn ìran ńlá rẹ̀, wọn kò fún un ní nǹkan gidi ṣe mọ́.

Ọ̀rọ̀ kan tún wà tí kò yẹ ká fi pa mọ́. Ní oṣù Karùn-ún ọdún 2018, kí fíìmù yìí tó jáde, ọlọ́pàá yìnbọn pa àwọn tó ń fẹ̀hónú hàn lòdì sí iléeṣẹ́ bàbà kan ní Thoothukudi. Rajinikanth lọ síbẹ̀, ó sì sọ pé bí wọ́n bá ń fẹ̀hónú hàn lórí gbogbo nǹkan, ìpínlẹ̀ náà yóò di itẹ́ òkú. Ọ̀pọ̀ ènìyàn fi ọ̀rọ̀ yẹn dojú kọ fíìmù náà, wọ́n sì ní ẹ̀tọ́. Ní tiwa, ó tún jẹ́ kí iṣẹ́ Pa. Ranjith yé wa sí i: ó ya òṣèré gbajúmọ̀ lò láti sọ ohun tí òṣèré náà fúnra rẹ̀ kò ní sọ. Ọ̀rọ̀ Dharavi kò sì tíì tán. Ní oṣù Kọkànlá ọdún 2022, iléeṣẹ́ Adani ló borí nínú ìdíje láti tún àdúgbò náà kọ́.

Bí ẹ bá fẹ́ wò ó, ti Támílì gan-an ni kí ẹ wá, pẹ̀lú ìtumọ̀ Gẹ̀ẹ́sì nísàlẹ̀. Ti Hindi wà, òun ló sì rọrùn láti rí, ṣùgbọ́n ẹ yẹra fún un. Nínú ti Támílì, ẹ ó gbọ́ ọ pé èdè náà kò rọ Hari lẹ́nu, àti pé Selvi ń sọ èdè ìgbèríko Tirunelveli. Bí wọ́n bá ti fi Hindi bo gbogbo rẹ̀, àlejò àti onílé á máa sọ̀rọ̀ bákan náà, ìdajì ìtàn á sì sọnù. Kí ẹ tó sanwó, ẹ yẹ ibi tí wọ́n kọ èdè ohùn sí wò, ẹ má wo àwòrán iwájú nìkan. Lórí fóònù ní ìwọ̀n àárín, gígábáìtì 1 sí 2 ni kí ẹ fi sọ́kàn. Bí iná bá ń ṣe ségesège ládùúgbò yín, ẹ wà á sílẹ̀ lóru kí ẹ tó wò ó. Ẹ má wò ó pẹ̀lú ọmọ tí kò tíì pé ọdún 13: ẹ̀jẹ̀ wà níbẹ̀, ìran Puyal sì nílò ẹni tó lè ṣàlàyé.

Bí ẹ bá ní tẹlifíṣọ̀n, ẹ má lo fóònù fún ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ìkẹyìn. Wọ́n ti ní Kaala kú. Hari padà wá sí Dharavi láti fi ìpìlẹ̀ iṣẹ́ lélẹ̀, àwọn ọmọdé yí i ká, ẹnì kan sì ju lẹ́búlẹ́bú dúdú. Gbogbo ojú ọ̀run dúdú, ó di pupa, ó di búlúù: dúdú ti Periyar tó bá ètò ìran jà ní ilẹ̀ Támílì, pupa ti àwọn òṣìṣẹ́, búlúù ti Ambedkar. Láàárín rẹ̀ Hari ń rí ojú Kaala lára ẹni yìí, lára ẹni yẹn, a kò sì mọ̀ bóyá òkú ni tàbí alààyè. Lórí fóònù tí iná ojú rẹ̀ kò mọ́lẹ̀, ẹrẹ̀ lásán ni gbogbo àwọ̀ yẹn máa jọ. Ẹ dúró di alẹ́, ẹ pa iná yàrá.